Ta Ló Ta Lameki Katongo?

Kásẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo ni olè náà jí. Ó bá rédíò lórí tábìlì, ó bá bàtà aláwọ tuntun lẹ́nu ọ̀nà, kò fọwọ́ kan ìkankan. Páálí kan wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì tí kásẹ́ẹ̀tì kún inú rẹ̀ bámúbámú. Ó yọ ọ̀kan nínú wọn, ó dé páálí náà padà bó ṣe wà, ó sì bá ojú fèrèsé tó bá wọlé jáde.

Mo dúró láàrin yàrá Ọ̀mọ̀wé Wamunyima Siyoto, ẹsẹ̀ ń ro mí. Ọdún yẹn ni ariwo gba ìlú pé ìjọba fẹ́ ta àwọn ibi ìwakùsà. Owó oṣù ń falẹ̀, àwọn ará ìlú wa Lusonga sì ń tú wáyà iná àti irin ojú irin tà láti fi ra ìyẹ̀fun àgbàdo. Ẹjọ́ gidi pọ̀ lórí tábìlì mi, kí wọ́n tó tún ní kí n máa wá kásẹ́ẹ̀tì. Èmi Exildah Malama, Inspẹ́kítọ̀ ọlọ́pàá, iṣẹ́ náà ti sú mi kí n tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Ọ̀mọ̀wé kò jẹ́ kí n jókòó kó tó dárúkọ olè fún mi. Ó ní Zelipa Jere ni, nọ́ọ̀sì ilé ìwòsàn àwọn awakùsà. Ó ní ẹ̀ẹ̀mejì ló ti wá halẹ̀ mọ́ òun lẹ́nu géètì, aládùúgbò sì rí i lọ́sàn-án ọjọ́ tí kásẹ́ẹ̀tì sọnù.

N kò nílò kó sọ ìdí fún mi. Gbogbo Lusonga ló mọ̀ ọ́n. Láti yunifásítì Lusaka ni Ọ̀mọ̀wé ti wá, ó ń kọ ìwé lórí ìtàn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ awakùsà wa láti ayé òyìnbó. Ó ti gbé orí kan síta nínú ìwé ìròyìn, orí ọ̀hún ló dá ìlú rú. Láyé òyìnbó, nígbà ìyanṣẹ́lódì ńlá, Lameki Katongo ni olórí àwọn òṣìṣẹ́. Ó sá pamọ́, ẹnì kan júwe ibi tó wà, ọlọ́pàá òyìnbó gbé e, wọ́n lé e lọ sábúlé, ibẹ̀ ló kú sí. Lọ́jọ́ kejì tí wọ́n gbé e ni ìyanṣẹ́lódì náà fọ́ yángá. Kò sẹ́ni tó mọ ẹni tó júwe rẹ̀, àfìgbà tí Ọ̀mọ̀wé kọ ọ́ pé Zebediya Jere ni, igbákejì Katongo, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tímọ́tímọ́. Ó ní Jere fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ fún òun: "Èmi ni mo ta Katongo. Àpò súgà kan ni wọ́n fún mi, mo dá a lá."

Kí ìwé ìròyìn náà tó jáde, àrùn rọpárọsẹ̀ ti mú Jere. Ẹnu rẹ̀ ti wọ́, ọ̀rọ̀ kò jáde mọ́, kò sì lè sọ pé bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ fi ọ̀dà pa orúkọ rẹ̀ rẹ́ lára ògiri ilé ẹgbẹ́, níbi tí wọ́n kọ orúkọ gbogbo àwọn tó ṣe ìyanṣẹ́lódì náà sí. Wọ́n tún ní tó bá kú, àwọn kò ní sin ín. Ní Lusonga, tí ọ̀kan nínú àwọn tó ṣáájú ìyanṣẹ́lódì yẹn bá kú, ẹgbẹ́ ló ń sin ín. Wọ́n á gbé akoto ìwakùsà lé pósí, àwọn awakùsà á tò sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà títí dé itẹ́ òkú. Ilé kì í ṣe tiwọn, ilẹ̀ kì í ṣe tiwọn, ìsìnkú yẹn nìkan ni iṣẹ́ abẹ́ ilẹ̀ fi sílẹ̀ fún wọn. Dókítà sì ti sọ fún Zelipa pé bàbá rẹ̀ kò ní pẹ́ lọ.

"Kásẹ́ẹ̀tì yẹn ni ẹ̀rí mi, Màdáàmù," Ọ̀mọ̀wé wí. "Tí kò bá sí, mi ò lè tẹ ìwé náà. Ọmọ Jere ló jàǹfààní. Ta ló tún kù?"

Mo fa páálí náà jáde, mo sì wo àwọn kásẹ́ẹ̀tì tó kù. Kò sí orúkọ lára ìkankan. Ọ̀dà ni Ọ̀mọ̀wé fi ṣàmì sí wọn lára, pupa lé búlúù, àwọ̀ ewé lé funfun, oríṣiríṣi. Ó ní ìbẹ̀rù ló jẹ́ kí òun ṣe bẹ́ẹ̀, nítorí àwọn kan tó bá òun sọ̀rọ̀ ṣì ń bẹ níbi iṣẹ́, ẹnu wọn sì lè kó bá wọn. Orí òun nìkan ni òun fi mọ èyí tó jẹ́ ti ẹnì kọ̀ọ̀kan.

*

Sájẹ́ǹtì Sakala ti mú ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ dání nígbà tí a dé ilé Jere. Mo ní kó fi í sápò.

Zelipa kò purọ́. Ó ní òótọ́ ni, òun lọ sílé Ọ̀mọ̀wé lọ́jọ́ náà, òun kan ilẹ̀kùn títí, kò sẹ́ni tó dáhùn, òun sì yí padà. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé ni, aṣọ funfun ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ó sì ń gún ẹja wẹ́wẹ́ kapẹ́ńtà gbígbẹ tó fẹ́ fi po ọbẹ̀ olómi fún bàbá rẹ̀.

"Kí lẹ fẹ́ gbà lọ́wọ́ Ọ̀mọ̀wé?" mo bi í.

"Mo fẹ́ kí wọ́n gbé kásẹ́ẹ̀tì náà fún mi kí n gbọ́ ọ. Tí mo bá fetí ara mi gbọ́ pé bàbá mi sọ bẹ́ẹ̀, màá dákẹ́. Wọn ò gbé e fún mi gbọ́, Inspẹ́kítọ̀. Wọ́n kàn kọ ọ́ síta ni."

"Kí lẹ rí lára kásẹ́ẹ̀tì náà? Àmì wo?"

Ó wò mí bí ẹni tí kò mọ ohun tí mò ń wí. "Àmì báwo?"

Mo gbà á gbọ́. Ìgbà tí wọ́n ń gba ohùn bàbá rẹ̀ sílẹ̀, ó wà lẹ́nu iṣẹ́, ìwé àwọn nọ́ọ̀sì jẹ́rìí sí i. Kò rí ọ̀dà tí wọ́n fi ṣàmì. Ká ní òun ló jalè, ì bá gbé páálí náà tòun ti gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ ni, ì bá sì dáná sun ún. Ẹni tó wá mú ọ̀kan yìí wà níbẹ̀ nígbà tí Ọ̀mọ̀wé ń ṣàmì sí i lára. Ọ̀mọ̀wé sì búra fún mi pé òun àti Jere nìkan ló wà ní yàrá.

Bàbá náà dùbúlẹ̀ sẹ́bàá fèrèsé, ó ń wò wá. Wọ́n ti fá irùngbọ̀n rẹ̀ mọ́nránmọ́nrán. Mo yin Zelipa pé ó ń tọ́jú bàbá rẹ̀ dáadáa. Ó ní òun kọ́ ni òun fá a. Ó ní gbogbo ará ìlú ti sá fún wọn, àfi Bàbá Mukuka, alágbàtọ́jú ilé ẹgbẹ́. Ìrọ̀lẹ́ gbogbo ló ń wá, á fá a lírùngbọ̀n, á fọ ẹsẹ̀ rẹ̀. Tẹ́lẹ̀, táwọn méjèèjì bá pàdé, èébú ni wọ́n ń bú ara wọn títí àwọn ará ilé kejì á fi jáde wá rẹ́rìn-ín. Ní báyìí, á kàn jókòó tì í ni, á wo ilẹ̀.

Nígbà tí a jáde, Sakala ní, "Ọ̀gá, kì í ṣe obìnrin yìí o."

Mo ní mo mọ̀. Mo fẹ́ lọ sílé lọ sùn.

*

N kò sùn. Ilé Ọ̀mọ̀wé ni mo padà sí, mo ní kó fún mi ní gbogbo ọ̀rọ̀ Jere tí wọ́n tẹ̀ sórí bébà, kì í ṣe ìwọ̀nba tó gbé sínú ìwé ìròyìn. Ó ní ìyókù kò wúlò, ọ̀rọ̀ àgbà lásán ni. Mo na ọwọ́, mi ò ká a kò títí ó fi gbé e lé mi lọ́wọ́.

Ohun tí mo kà nìyí: "Ẹ̀yin tí ẹ ń jẹ ọ̀bọ yìí, ẹ rò pé orí yín níye lórí? Èmi ni mo ta Katongo. Àpò súgà kan ni wọ́n fún mi, mo dá a lá. Ká ní eku ni mo gbé lọ ni, wọn ì bá san jù bẹ́ẹ̀ lọ."

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu mi. Mo gbé e fún Sakala, Sakala náà rín títí ó fi dì mọ́ ilẹ̀kùn. Ọ̀mọ̀wé ń wò wá bí ẹni ń wo wèrè.

Ọmọ ẹ̀yà Bemba ni mí. Ará ìlà-oòrùn ni Sakala, bíi Jere. Àwọn bàbá ńlá wa jagun, wọ́n pa ara wọn nípakúpa. Nígbà tí ogun parí, a di mbuya ara wa. Ohun tí o kò gbọ́dọ̀ sọ fún ọmọ ìyá rẹ, o lè sọ ọ́ fún mbuya rẹ lójú òkú pàápàá, kò sì gbọ́dọ̀ bínú. Ajọ̀bọ ni wọ́n ń pè wá, ajeku ni àwa ń pè wọ́n. Láràárọ̀ tí mo bá dé àgọ́ ọlọ́pàá, Sakala á bi mí pé apá wo lára ọ̀bọ ni mo jẹ láàárọ̀. Èmi náà á bi í pé ṣé ìrù eku ló há sí i léyín yẹn. Tí kò bá bi mí lọ́jọ́ kan, mo mọ̀ pé ara rẹ̀ kò yá.

"Ọ̀mọ̀wé," mo ní, "ará ìwọ̀-oòrùn ni yín. Ẹ kì í ṣe mbuya Jere. Kò lè kọjú sí yín kó pè yín ní ajọ̀bọ. Bẹ́ẹ̀ ni èèyàn kì í dá nìkan jókòó kó máa bú mbuya rẹ̀ tí kò sí ńtòsí. Bemba kan wà ní yàrá yẹn. Níbo lẹ̀yin wà?"

Ó ní òun mọ̀ nípa àṣà mbuya, òun tilẹ̀ ti kọ̀wé lé e lórí rí.

"Mi ò bi yín nípa ìwé. Níbo lẹ wà?"

Ó wo bàtà rẹ̀. "Mo jáde lọ tọ̀," ó wí.

Àṣé bó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyẹn. Ó fi ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ náà sílẹ̀ kó máa ṣiṣẹ́, ó gba ẹ̀yìnkùlé lọ, ẹ̀yìn rẹ̀ ni Jere sọ gbólóhùn tó gbajúmọ̀ jù lọ nínú ìwé rẹ̀. Ojú ti í láti kọ ọ́ pé ibi tí òun ti ń tọ̀ ni ìtàn ti ṣẹlẹ̀, ó bá kọ ọ́ pé òun gbọ́ ọ lójúkojú. Donashano Mukuka ló mú un wọ ilé Jere lọ́jọ́ náà, òun ló sì fi í mọ gbogbo àwọn àgbà ẹgbẹ́ tó bá sọ̀rọ̀. Mukuka a máa dá sí ọ̀rọ̀ jù, ìdí nìyẹn tí Ọ̀mọ̀wé fi pàṣẹ fún ọmọbìnrin tó ń bá a tẹ̀wé ní Lusaka pé kó má tẹ ohun tí Mukuka bá sọ.

A pe ọmọbìnrin náà lórí fóònù àgọ́. Ó ní òun kò rántí ọ̀rọ̀ kankan, ṣùgbọ́n òun rántí pé ẹnì kan rẹ́rìn-ín fún ìgbà pípẹ́, òun kò sì tẹ̀ ẹ́, torí ẹ̀rín kì í ṣe ọ̀rọ̀.

Sakala ní ẹjọ́ ti parí nìyẹn, ẹ̀fẹ̀ ni Jere ń ṣe, kí ẹgbẹ́ kọ orúkọ rẹ̀ padà sára ògiri. Ó ń lọ sídìí ọkọ̀. Èmi dúró. Ohun kan kò jẹ́ kí ara mi lélẹ̀. Mukuka ni Jere ń bá ṣẹ̀fẹ̀. Nígbà tí ìwé ìròyìn jáde, ká ní ó la ẹnu lẹ́ẹ̀kan péré, kó ní "ẹ̀fẹ̀ ni," gbogbo Bemba ìlú yìí ì bá gbà á gbọ́. Kò là á. Ó jẹ́ kí wọ́n fi ọ̀dà pa orúkọ ọ̀rẹ́ rẹ̀ rẹ́ nínú ilé ẹgbẹ́ tí òun gan-an ń gbá, ó sì ń lọ fọ ẹsẹ̀ rẹ̀ nírọ̀lẹ́. Kí ló lè pa irú ẹni bẹ́ẹ̀ lẹ́nu mọ́? Tó bá sọ pé Jere kọ́, àwọn èèyàn á bi í pé ta wá ni. Ìbéèrè yẹn ló ń sá fún.

*

Ẹ̀yìn ilé ẹgbẹ́ la ti bá Mukuka, ó ń bomi rin kábéèjì. Àgbàlagbà tó gbẹ, tí kò ga. Mo ṣẹ́jú sí Sakala.

"Bàbá," Sakala wí, "ṣé ẹ ti jẹ ọ̀bọ inú igbó tán ni ẹ fi di ewúrẹ́, tí ẹ wá ń jẹ ewé?"

Bemba tó bá tó ọjọ́ orí Mukuka, èsì ti máa ń wà lẹ́nu rẹ̀ nílẹ̀. Ó yẹ kó bi Sakala pé ṣé pàkúté eku bàbá rẹ̀ ṣì ń mú. Mukuka gbé kẹ́tùlù omi kalẹ̀.

"Má bínú, ọmọ mi. Mi ò ní irú ẹ̀ lẹ́nu mọ́."

Mo bi í pé níbo ló wà. Kò bi mí pé kí ni. Ó wọ yàrá rẹ̀, ó gbé kásẹ́ẹ̀tì náà jáde, aṣọ ìnujú ló fi wé e.

"Kí ló dé tí ẹ ò sun ún, Bàbá?" mo ní. "Ká ní ẹ ti sun ún ni, mi ò bá tí rí nǹkan kan dì mú."

"Ohùn ẹ̀ ló wà níbẹ̀. Níbo ni mo tún ti fẹ́ gbọ́ ọ?"

Rédíò ilé ẹgbẹ́ la fi gbọ́ ọ. Mo gbọ́ ikọ́ Ọ̀mọ̀wé, mo gbọ́ ilẹ̀kùn. Jere ní àwọn ará Lusaka, omi ni wọ́n, wọn kì í lè mú ìtọ̀ dúró. Ó sọ ọ̀rọ̀ ọ̀bọ, ó sọ ti súgà. Mukuka bú sẹ́rìn-ín, ó rín, ó rín, títí ohùn náà fi yí padà tí kì í ṣe ẹ̀rín mọ́. Adìyẹ kan ké níta. Lẹ́yìn náà ni Jere rẹ ohùn sílẹ̀ tí mo fi ní láti fetí mọ́ rédíò, abájọ tí ọmọbìnrin Lusaka kò fi rí i tẹ̀:

"Má sunkún, òpònú. Mo ti sọ ọ́ fún ẹ̀rọ wọn, ó ti kúrò lọ́rùn ẹ. Nu ojú ẹ, Ọ̀mọ̀wé ń bọ̀."

Mo pa rédíò.

Mukuka kò dúró kí n bi òun. Ó ní ọmọ òun ń gbóná fòfò nílé ìwòsàn ibi ìwakùsà nígbà ìyanṣẹ́lódì, òyìnbó tó ń ṣe alábòójútó ilé àwọn òṣìṣẹ́ sì sọ pé ọmọ ẹni tí kò bá ṣiṣẹ́ kò ní sùn síbẹ̀ mọ́. Ó bi òun léèrè nípa Katongo. Òun kò sọ̀rọ̀, òun kàn na ìka sí ilé kan. Ọmọ náà yè, ó ń ta táyà ní Ndola báyìí. Jere rí òun nígbà tí òun ń jáde nínú ọ́fíìsì òyìnbó náà, kò sì bi òun rí. Ṣùgbọ́n lọ́dọọdún, nídìí ọtí, á pariwo láàrin gbogbo èèyàn pé, "Mbuya, ta ló ta Katongo?" Kí òun tó gbé ojú sókè, á fúnra rẹ̀ dáhùn pé, "Èmi ni." Àwọn èèyàn á rẹ́rìn-ín, òun náà á rín.

"Ó ń bá mi gbé e ni," Mukuka wí. "Ó ti ń bá mi gbé e látìgbà tí a ti wà ní ọ̀dọ́."

Mo jókòó sórí bẹ́ńṣì, kásẹ́ẹ̀tì náà wà lọ́wọ́ mi. Mo lè tì í bọ àpò kí n kọ ọ́ pé a kò rí olè. Mo rò ó, mi ò ní purọ́ fún ẹnikẹ́ni, mo rò ó dáadáa. Jere ló fi ẹnu ara rẹ̀ gbé ẹrù náà, kò sì pè mí pé kí n wá sọ̀ ọ́. Ṣùgbọ́n Zelipa ń lọ síbi iṣẹ́ lójoojúmọ́, wọ́n ń tutọ́ sílẹ̀ tó bá kọjá. Ó fẹ́ sin bàbá rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń sin èèyàn. Mo wí fún Mukuka pé kásẹ́ẹ̀tì náà máa padà sọ́wọ́ ẹni tó ni ín.

Ó gbà. Ó ní kí n jẹ́ kí òun kọ́kọ́ sọ ọ́ níbi tí Jere wà.

*

Àwa mélòó kan la kún yàrá Jere lọ́jọ́ kejì. Alága ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ gbé akoto kan wá nínú àpò ọ̀rá. Ọ̀mọ̀wé dúró sẹ́nu ọ̀nà. Mukuka kò jókòó, kò sì fi ẹ̀fẹ̀ kankan sí i. Ó ní, "Èmi ni mo júwe Lameki Katongo. Jere ò mọwọ́ mẹsẹ̀ níbẹ̀."

Zelipa jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ó fi ọwọ́ bo ojú, ó sunkún ayọ̀, ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ mi láìgbé ojú sókè. Ọ̀mọ̀wé ti ń wá bíírò, ó ń sọ wúyẹ́wúyẹ́ pé orí yìí máa wá dùn ju ti àkọ́kọ́ lọ. Mo gba bíírò náà lọ́wọ́ rẹ̀. Alága tẹrí ba, ó tọrọ àforíjì lórúkọ ẹgbẹ́, ó ní orúkọ Jere ń padà sára ògiri kí ilẹ̀ tó ṣú, orúkọ Mukuka ló sì máa kúrò níbẹ̀. Ó wá gbé akoto náà lé bàbá náà láyà.

Jere fi ọwọ́ rẹ̀ kan tó ṣì ń ṣiṣẹ́ tì í dànù. Akoto náà bọ́ sílẹ̀, ó yí wọ abẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Ọwọ́ náà wá afẹ́fẹ́ kiri títí ó fi kan apá aṣọ Mukuka, ó dì í mú, ó fà á mọ́ra títí orí Mukuka fi wà lórí ìrọ̀rí lẹ́gbẹ̀ẹ́ tirẹ̀. Omi ń jáde lójú rẹ̀ kan. Ó ń wò mí.

Ọ̀pọ̀ ọkùnrin ló ti wò mí nígbà tí mo ń fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ sí wọn lọ́wọ́. Kò sí èyí tó wò mí báyìí rí. Bí ẹni tí wọ́n jà lólè ṣe ń wo olè, tí agbára kò sí láti pariwo, ló ṣe wò mí.

"Inspẹ́kítọ̀, kí ló ń ṣe bàbá mi?" Zelipa bi mí. "Ṣebí orúkọ wọn ti mọ́ báyìí?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ó ti mọ́. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo bá a wá akoto náà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, kí bàbá rẹ̀ má bàa rí ojú mi mọ́.